Iléyá Lọ́dọ̀ Àna ní Dákà

Láti ìgbà tí mo ti padà dé ni àwọn ìyá àṣàlátù wa ní Bẹẹrẹ kò ti jẹ́ kí n gbádùn. Bí mo bá ti jókòó, ẹnì kan á ní kí n sọ bí mo ṣe ṣọdún níbi tí mo lọ. Bí mo bá sọ ọ́ dé ìdajì, ẹlòmíràn á wọlé, á ní kí n tún un bẹ̀rẹ̀. Èmi kì í sì ṣe ẹni tó ń sọ̀rọ̀ púpọ̀. Ní ṣọ́ọ̀bù mi l'Ọ́jà'ba, níbi tí mo ti ń ta òwú, bọ́tìnì àti síìpù fún àwọn télọ̀, oníbàárà á sọ ohun tó fẹ́, màá gbé e fún un, ọ̀rọ̀ parí. Ìdí nìyí tí mo fi kọ èyí sílẹ̀, kí ẹni tó bá fẹ́ mọ̀ lè jókòó kà á bó ṣe wù ú.

Kì í ṣe fàájì ló gbé mi rin ọ̀nà jíjìn bẹ́ẹ̀. Bàsírátù, àkọ́bí mi, ló fẹ́ ọkọ sí Dákà ní ilẹ̀ Sẹ̀nẹ̀gà. Èdè Faransé ló kọ́ ní yunifásítì, iṣẹ́ ògbufọ̀ ló gbé e dé ọ̀hún, ibẹ̀ ló sì ti pàdé Màmádù. Ọ̀hún náà ni wọ́n ti so yìgì. Bàbá Àgbà, ẹ̀gbọ́n ọkọ mi olóògbé, tó jẹ́ olórí agbo ilé wa, kò fọwọ́ sí i. Kì í ṣe pé Màmádù kì í ṣe Yorùbá ló ń bí Bàbá nínú. Ohun tó dùn ún ni pé òun kò mọ ilé tí wọ́n gbé ọmọ òun wọ̀, kò sì sí ẹnì kan láti ìdílé náà tó wá tọrọ rẹ̀ lọ́wọ́ òun. Láti ọjọ́ náà, kò bá Bàsírátù sọ̀rọ̀ mọ́. Bí ọmọ náà bá pè, tí mo gbé fóònù lọ bá Bàbá, á ní òun ń fa tẹ̀sùbáà lọ́wọ́.

Nígbà tí Bàsírátù bẹ̀ mí pé kí n wá bá àwọn ṣe Iléyá, èyí tó máa jẹ́ àkọ́kọ́ rẹ̀ nílé ọkọ, mo lọ kúnlẹ̀ níwájú Bàbá.

"Lọ, Ìyàwó," ló wí. "Fi ojú ara rẹ wò ó. Bó bá jẹ́ pé ìyàwó ló jẹ́ níbẹ̀, wá sọ fún mi, màá gbà pé mo ní àna. Bó bá jẹ́ pé ọmọ ọ̀dọ̀ ni wọ́n sọ ọ́ dà, mú un bọ̀ wálé."

Iṣẹ́ tó rán mi nìyẹn. Ó mọ̀ pé mi ò ní bù mọ́ ọn, mi ò sì ní yọ kúrò nínú rẹ̀.

Lómè

Ní Lómè, ní ilẹ̀ Tógò, níbi tí mo ti dúró lójú ọ̀nà, ni mo ti kọ́kọ́ mọ̀ pé mo ti di àjèjì. Ọ̀dọ̀ ìyá kan tó jẹ́ ọmọ Ọ̀rányàn ní Ìbàdàn ni mo wọ̀ sí, tó ti ń ṣòwò níbẹ̀ láti ìgbà ọmọge rẹ̀. Àwọn ọmọ-ọmọ rẹ̀ ń sọ Yorùbá, ṣùgbọ́n imú ni wọ́n fi ń sọ ọ́, bí ẹni ń sọ Faransé. Ànàgó ni wọ́n ń pè wá níbẹ̀. Nígbà tí ẹnì kan pè mí bẹ́ẹ̀ ní ẹnu ọ̀nà, mo rò pé ó ń bú mi ni. Ìyá náà rẹ́rìn-ín, ó ní òun náà bínú sí i títí nígbà tí òun kọ́kọ́ dé, kó tó yé òun pé orúkọ tí wọ́n mọ̀ wá mọ́ lásán ni.

Ó fún mi ní àkàsà, ẹja díndín àti ata tútù, lẹ́yìn náà a lọ sí mọ́sáláṣí tí àwọn Hausa àti Yorùbá ń lò pọ̀. Lẹ́mọ́mù ń ṣe wáàsí lédè Hausa, ẹnì kan ń túmọ̀ rẹ̀ sí Yorùbá, ẹlòmíràn ń túmọ̀ rẹ̀ sí èdè àwọn ará Lómè. Iléyá ti sún mọ́lé, ó ní kí olúkúlùkù rántí ẹni tí kò lágbára láti ra ẹran. Mo ti mọ ọ̀rọ̀ náà kí ògbufọ̀ tó la ẹnu, nítorí òun náà ni wọ́n ń sọ fún wa lọ́dọọdún ní Bẹẹrẹ. Inú mi dùn pé mo mọ̀ ọ́n. Ó dà bí ẹni pé mo dé ilé àjèjì, mo bá abọ́ tó jọ tèmi níbẹ̀.

Kí n tó kúrò lọ́dọ̀ ìyá náà, ó gbà mí nímọ̀ràn pé kí n máa bèèrè ohunkóhun tí kò bá yé mi níbi tí mò ń lọ. Mo ní mo gbọ́. Ohun tí kò yé mi ni mo rò pé ó ń sọ. Mi ò mọ̀ pé ohun tí mo rò pé ó yé mi gan-an ló yẹ kí n bèèrè.

Àgbò lójú ọ̀nà, àgbò lórí ilé

Afẹ́fẹ́ òkun ló kọ́kọ́ kí mi ní Dákà, àgbò ló tẹ̀ lé e. Ẹ̀yin tí ẹ máa ń sọ pé Bódìjà kún fún àgbò nígbà Iléyá, ẹ ò tíì rí nǹkan kan. Àgbò wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì, àgbò wà lẹ́nu ọ̀nà ilé gbogbo, àgbò wà lórí ilé. Wọ́n ń sin wọ́n sórí dẹ́kì, tó fi jẹ́ pé bí a bá ń rìn lọ nínú àdúgbò, òkè ni a ti ń gbọ́ igbe wọn. Tabáskì ni wọ́n ń pe Iléyá níbẹ̀, òun nìkan sì lọ̀rọ̀ tó wà lẹ́nu gbogbo ènìyàn.

Lọ́jọ́ Àìkú, Màmádù mú wa lọ sí etí òkun, mo sì rí i níbẹ̀ tí àwọn ọ̀dọ́kùnrin ń fi ọṣẹ àti kànìnkànìn wẹ àgbò. Àgbò á dúró jẹ́ẹ́ nínú omi, á di ojú, bí ọmọ tí ìyá rẹ̀ ń wẹ̀. Ọ̀kan wà níbẹ̀ tó funfun bí òwú, tó ga tó ọmọ màlúù. Mo ní kí Bàsírátù bá mi béèrè iye tó jẹ́. Olówó rẹ̀ wò mí bí ẹni pé ọmọ rẹ̀ ni mo fẹ́ rà. Kì í ṣe títà rárá, ó kàn mú un wá kí àwọn ènìyàn lè wò ó ni. Mo sọ fún Màmádù pé ní Ìbàdàn, a máa ń mú àgbò jà kí ọdún tó dé. Ó ronú díẹ̀, ó wá béèrè bóyá èyí tó bá fìdí rẹmi la máa ń kọ́kọ́ pa.

Màmádù jẹ́ ọmọ tó tutù. Tíṣà ni, ó gbọ́ Òyìnbó díẹ̀, èyí tí a fi ń gbọ́ ara wa bí Bàsírátù kò bá sí nílé. Ìyá rẹ̀ ti kú nígbà tó wà ní kékeré. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, Kádì, ló tọ́ ọ dàgbà, nítorí náà Tàtá Kádì, bí wọ́n ṣe ń pè é, ni ìyá ọkọ Bàsírátù. Òun ni mo wá wò.

Ó wá kí mi lọ́jọ́ kejì tí mo dé. Ó ga, ó sanra, kì í tètè rẹ́rìn-ín. Bó ṣe wọlé ni Bàsírátù fi orúnkún méjèèjì kúnlẹ̀ kí i, bí a ṣe kọ́ ọ nílé. Àwọn obìnrin tó wà nínú àgbàlá yíjú wò ó, nítorí wọn kì í kúnlẹ̀ bẹ́ẹ̀ níbẹ̀. Tàtá Kádì gbé ọwọ́ lé e lórí, ó sì jẹ́ kó wà níbẹ̀ fún ìgbà díẹ̀. Lẹ́yìn náà ló bẹ̀rẹ̀ sí í kí mi. Ẹ jọ̀ọ́, ẹni tó bá rò pé Yorùbá nìkan ló mọ ènìyàn í kí, kó lọ sí Dákà. Ó béèrè ara mi, ó béèrè ilé mi, ó béèrè ọmọ, iṣẹ́, ará àdúgbò, ó tún padà béèrè ara mi. Ìdáhùn kan náà ni gbogbo rẹ̀ ní, "jàm rẹk", èyí tó túmọ̀ sí àlàáfíà nìkan. Mo ti mọ̀ ọ́n kí ilẹ̀ tó ṣú. Nígbà tí ìkíni parí, ó mú etí bùbá mi, ó wo iṣẹ́ ọnà ọrùn rẹ̀ títí, ó béèrè irú òwú tí wọ́n fi ṣe é. Mo sọ fún un. Mo rí i pé obìnrin tó ń fi ojú sí nǹkan ni.

Lọ́sàn-án ọjọ́ náà, gbogbo wa jókòó yí ọpọ́n ìrẹsì ńlá kan ká lórí ẹní. Ìrẹsì àti ẹja ni oúnjẹ wọn, ó sì dùn. Olúkúlùkù ń jẹ iwájú ara rẹ̀, olórí ọpọ́n á sì máa ya ẹja, ẹ̀gẹ́ àti kárọ́ọ̀tì sí iwájú àwọn yòókù. Tàtá Kádì ń ya tèmi. Mo rò pé bí mo bá ṣẹ́ ẹ kù, wọ́n á ní mi ò mọyì oúnjẹ wọn, ni mo bá ń jẹ ẹ́ tán. Bí mo bá ti jẹ ẹ́ tán, á tún ya òmíràn síbẹ̀. Ìgbà tí mi ò lè mí mọ́ ni Bàsírátù ṣàánú mi.

"Mọ́mì, bí ẹ bá fẹ́ kí wọ́n dáwọ́ dúró, ẹ dìde kúrò nídìí ọpọ́n," ló wí.

Ṣùgbọ́n ohun kan ń jẹ mí lọ́kàn. Kí ilẹ̀ tó mọ́ ni ọmọ mi ti máa ń jí. Á gbálẹ̀, á dáná, á gbé oúnjẹ fún àlejò, á tún fọ abọ́. Ní àìsùn ọdún, òun àti àwọn obìnrin ilé jókòó ti òkìtì àlùbọ́sà, wọ́n ń bó o títí omi fi gbẹ lójú gbogbo wa. Tàtá Kádì á wọlé, á tọ́ ọbẹ̀ wò, á ní iyọ̀ kò tó, á sì jáde. Mò ń wò. Iṣẹ́ tí Bàbá rán mi ń pariwo létí mi.

Ọjọ́ ọdún

Ní Ìbàdàn, àárọ̀ la máa ń wọ aṣọ ọdún. Èmi náà jí, mo wọ gínì funfun mi, mo wé gèlè, mo jáde sí àgbàlá. Aṣọ ilé ló wà lára gbogbo obìnrin tí mo bá níbẹ̀. Wọ́n wò mí láti òkè dé ilẹ̀. Ìgbà yẹn ni Bàsírátù sọ fún mi pé ìrọ̀lẹ́ ni wọ́n ń wọ aṣọ ọdún níbẹ̀, lẹ́yìn tí iṣẹ́ ẹran bá parí, àti pé ọkùnrin àti àwọn ìyá àgbà ló ń lọ kírun. Àwọn ìyàwó ilé á dúró ti ìdáná. Mo rántí Yídì wa, níbi tí àwa obìnrin ti máa ń kún ilẹ̀ pẹ̀lú ọmọ àti ẹní wa, inú mi kò dùn láti fi Bàsírátù sílẹ̀ nídìí àlùbọ́sà.

Èmi àti Màmádù lọ. Mọ́sáláṣí ti kún, ojú títì la ti kírun. Ẹní mi kò tó mi, obìnrin kan tí mi ò mọ̀ rí tú tirẹ̀ ká, ó sì fa ìdajì rẹ̀ sábẹ́ orúnkún mi láì wo ojú mi. Mi ò gbọ́ ọ̀kan nínú ọ̀rọ̀ lẹ́mọ́mù, ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kábàrá, ohùn Yídì Ìbàdàn gan-an ni mo gbọ́. Ara mi rọ̀. Mo rò ó pé níbi gbogbo tí ilẹ̀ ti mọ́ láàárọ̀ yẹn, ohun kan náà ló wà lẹ́nu wa, yálà a wọ gínì tàbí a wọ aṣọ ilé.

Nígbà tí ìrun parí, obìnrin náà fi ọwọ́ méjèèjì di ọwọ́ mi mú, ó sọ nǹkan kan. Mo dá a lóhùn pé àlàáfíà nìkan. Ó rẹ́rìn-ín, ó tún un sọ. Màmádù ló wá là á yé mi. Ní ọjọ́ ọdún, gbogbo wọn ló ń tọrọ àforíjì lọ́wọ́ ara wọn, ọmọdé lọ́wọ́ àgbà, àgbà lọ́wọ́ ọmọdé, àjèjì lọ́wọ́ àjèjì. Ọ̀kan á ní, dárí jì mí. Èkejì á ní, mo dárí jì ọ́, kí Ọlọ́run dárí ji àwa méjèèjì. Mo yí padà, mo sọ ọ́ fún obìnrin náà ní Yorùbá. Ó ṣe Àmín, ó ká ẹní rẹ̀, ó lọ.

Màmádù fúnra rẹ̀ ló pa àgbò. Wọ́n kọ́kọ́ sun ẹ̀dọ̀ lórí ẹyín iná, a fi àlùbọ́sà àti búrẹ́dì jẹ ẹ́. Itan kan ni wọ́n gé wẹ́wẹ́ láti sun fún ọ̀sán. Wọ́n bù nínú ẹran náà fún àwọn aládùúgbò, títí kan ìdílé Kirisitẹni tó wà lódìkejì ọ̀nà. Èyí kò ṣe àjèjì sí mi. Àwọn Aládùúrà tí a jọ ń gbé ní Bẹẹrẹ mọ ẹran Iléyá wa, àwa náà mọ ìrẹsì Kérésì wọn.

Nígbà tó yá, Màmádù jáde lọ kí àwọn àgbà, Bàsírátù lọ wẹ̀. Mo wọ ilé ìdáná láti wá omi mu. Ibẹ̀ ni mo ti rí itan kejì. Odindi ni, láti ìbàdí dé pátákò. Wọ́n ti fọ̀ ọ́ mọ́, ó wà nínú abọ́ títóbi lórí pẹpẹ, wọ́n fi aṣọ funfun bò ó.

Ẹ̀yin náà mọ̀ ọ́n. Nílé wa, bí ọkọ bá pa àgbò Iléyá, itan kan jẹ́ ti òbí ìyàwó. Ní gbogbo ìgbà tí ọkọ mi fi wà láyé, a máa ń gbé itan lọ fún ìyá mi ní Àrẹ̀mọ, nínú abọ́, pẹ̀lú aṣọ funfun lórí rẹ̀. Ìyá ìyàwó kì í sì í béèrè. Bó bá béèrè, á dà bí ọ̀kánjúwà. Á kàn gbà á ni, á ṣàdúrà. Mo dúró níwájú abọ́ náà, inú mi sì dùn tó bẹ́ẹ̀ tí mo fi gbàgbé omi. Mo ní, Màmádù, o ṣeun, ẹni tó kọ́ ọ kọ́ ọ ire. Mo ní mo ti rí ohun tí màá sọ fún Bàbá.

Kí itan náà má bàa bàjẹ́ kí n tó délé, mo bọ́ gínì mi sílẹ̀, mo gé e, mo fi iyọ̀, atalẹ̀, àlùbọ́sà àti ata tí mo gbé láti Ìbàdàn sè é, mo sì dín in títí ó fi gbẹ dáadáa. Mo fọ abọ́ náà, mo dá aṣọ funfun rẹ̀ padà. Èyí tó gbẹ̀yìn wà nínú epo lọ́wọ́ nígbà tí Bàsírátù wọlé. Ó wo orí pẹpẹ.

"Mọ́mì, itan tí mo gbé síbí ńkọ́?"

Mo nawọ́ sí ìkòkò. Ó wò ó. Ó wá àpótí, ó jókòó.

"Ti Tàtá Kádì ni," ló wí.

"Tàtá Kádì kọ́? Ti ìyá ìyàwó ni itan."

"Níbí, ìyàwó ló ń gbé itan fún ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀. Òun la fi ń mọ̀ pé ó bọ̀wọ̀ fún wọn. Gbogbo ilé ló ń wò ó, pàápàá ní ọdún àkọ́kọ́. Mọ́mì, kí ló dé tí ẹ ò bi mí?"

"Ṣé wọ́n ń bi àna léèrè irú ìyẹn ni?"

Itan yòókù ti wà lórí iná, a ti jẹ nínú rẹ̀. Bí mo ti mú ṣíbí epo dání, ọkàn mi wúwo. Mo wá wò bóyá wọ́n ń bọ̀wọ̀ fún ọmọ mi, èmi gan-an ni mo gé ọ̀wọ̀ rẹ̀ sí wẹ́wẹ́.

Nílé Tàtá Kádì

Nígbà tí Màmádù gbọ́, ó ní kí a sọ pé àwọn aláìní pọ̀ lẹ́nu ọ̀nà, pé a ti fi itan náà ṣe sàráà. Mo ní rárá. Èmi ni mo dín in, èmi ni màá sọ ọ́. Mo kó ẹran díndín náà sínú abọ́ kan náà, mo fi aṣọ funfun bò ó, Bàsírátù gbé e, a sì lọ.

Àgbàlá Tàtá Kádì kún fún obìnrin. Ìrọ̀lẹ́ ti lẹ́, aṣọ ọdún sì ti jáde. Gínì wọn gan débi pé ó ń dún bí wọ́n bá jókòó, iṣẹ́ ọnà tó wà lára rẹ̀ á sì mú kí télọ̀ Ọjà'ba tún iṣẹ́ kọ́. Wọ́n na ọrùn wo abọ́ náà nígbà tí a wọlé. Gbogbo wọn ti mọ ohun tó yẹ kó wà nínú rẹ̀. Bàsírátù kúnlẹ̀, ó gbé e kalẹ̀. Tàtá Kádì ṣí aṣọ náà, ó sì béèrè ẹni tó ṣe èyí.

Mo ní kí Bàsírátù máa túmọ̀ ohun tí mo bá wí, kó má ṣe yọ ọ̀kan kúrò.

"Èmi ni," mo wí. "Ní ìlú wa, ọkọ ló ń gbé itan fún ìyá ìyàwó. Mo rí i, mo rò pé tèmi ni. Ọmọ mi ti gbé e pa mọ́ fún yín. Kò mọ nǹkan kan nípa ohun tí mo ṣe."

Ó wo ẹran, ó wò mí. Mi ò gbé ojú kúrò lójú rẹ̀.

"Ọkọ ló ń gbé e wá?"

"Bẹ́ẹ̀ ni."

"Lọ́dọọdún?"

"Títí ìyá ìyàwó á fi kú."

Ó yí sí Màmádù, tó ti ń wá bó ṣe máa sá sẹ́yìn àwọn obìnrin. Bàsírátù kò dá ìtumọ̀ dúró, ó ń sọ ọ́ sí mi létí.

"Láti ìgbà tí o ti gbé ọmọ wọn, kí lo ti gbé fún wọn?"

Màmádù wolẹ̀.

"Ká ní wọn ò fọwọ́ ara wọn mú un, ìwọ ì bá jẹ́ kí wọ́n padà lọ́wọ́ òfo, kí wọ́n lọ máa sọ nílùú wọn pé èmi Kádì kò kọ́ ọ. Wọ́n bo àṣírí rẹ, o sì dúró níbẹ̀ bí òpó."

Obìnrin kan láti ẹ̀yìn ní kí Màmádù máa dúpẹ́ pé àgbò nìkan ni wọ́n bá nílé, pé ká ní màlúù ló pa, ìyá ìyàwó ì bá ti dín ìyẹn náà. Ìgbà yẹn ni ẹ̀rín bú jáde. Tàtá Kádì mú ẹran kan, ó jẹ ẹ́. Ó ní ata rẹ̀ ti pọ̀ jù. Ó mú òmíràn, ó tún ní ata rẹ̀ ti pọ̀ jù. Nígbà tó mú ẹ̀kẹta, àwọn yòókù kò dúró kí wọ́n fi lọ̀ wọ́n mọ́.

Bí abọ́ náà ṣe ń lọ káàkiri, ó dìde, ó wá di ọwọ́ mi méjèèjì mú, ó sì sọ ọ̀rọ̀ tí obìnrin orí ẹní sọ fún mi láàárọ̀. Ẹ̀rù bà mí. Èmi ló yẹ kí n kọ́kọ́ sọ ọ́.

"Ẹ dárí jì mí," ló ní. "Láti ìgbà tí ẹ ti dé, mo sọ bí a ṣe ń ṣe níbí fún yín, mi ò sì béèrè bí ẹ ṣe ń ṣe níbẹ̀."

Mo ní mo dárí jì í, kí Ọlọ́run dárí ji àwa méjèèjì. Àlejò kan tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé ń béèrè bóyá ìyàwó àbúrò Tàtá Kádì láti Nàìjíríà nìyí. Tàtá Kádì fa Bàsírátù mọ́ra.

"Má pè é bẹ́ẹ̀," ló wí. "Ọmọ mi nìyí. Màmádù ló fẹ́ ọmọ mi."

Ẹ wò ó, mo ti bímọ, mo ti sin òkú, mo ti gbé ọmọ fọ́kọ. Mi ò rò pé orí mi wú bẹ́ẹ̀ rí.

Lọ́jọ́ kejì, ariwo ìgbálẹ̀ ló jí mi. Mo rò pé Bàsírátù ni. Nígbà tí mo jáde, Tàtá Kádì ni mo bá nínú àgbàlá, ó lọ́ aṣọ mọ́dìí, ó ń gbálẹ̀. Ó ti lé Bàsírátù padà sórí ibùsùn, ó ní ẹni tí ìyá rẹ̀ wà lọ́dọ̀ rẹ̀ kò gbọdọ̀ jí kutù bẹ́ẹ̀. Ó ní òun náà bó àlùbọ́sà nílé ọkọ òun títí ojú òun fi fẹ́rẹ̀ẹ́ fọ́, àti pé àwọn ìyàwó tí àwọn àbúrò Màmádù máa fẹ́ lẹ́yìn ló máa bó ti Bàsírátù bí òun náà bá dàgbà. Lórí pẹpẹ ìdáná, itan kan wà nínú abọ́, odindi, láti ara àgbò tí ọkọ tirẹ̀ pa. Tèmi ni. Mo gbà á, mo ṣàdúrà, mi ò béèrè.

Bẹẹrẹ

Ọjọ́ tí mo délé ni Bàbá pè mí. Mo jókòó sílẹ̀, mo sọ ọ́ fún un bó ṣe rí, mi ò fi ti àlùbọ́sà pa mọ́, mi ò sì fi ti ìkòkò epo pa mọ́. Mo gbé ẹran tí mo dín láti ara itan Tàtá Kádì síwájú rẹ̀. Kò fọwọ́ kàn án.

"Ta ló kọ́kọ́ ní kí wọ́n dárí ji òun?" ló béèrè.

"Tàtá Kádì ni, Bàbá."

"O dín itan rẹ̀, òun ló tún tọrọ àforíjì?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, Bàbá."

Lẹ́yìn náà ló ní kí n pè wọ́n. Bàsírátù ló gbé e, mo sì ní kó gbé fóònù fún Tàtá Kádì tó bá wà nítòsí. Ó wà níbẹ̀. Bàbá sálámà sí i, ó dáhùn. Bàbá kò gbọ́ èdè rẹ̀, òun náà kò gbọ́ ti Bàbá. Bàbá wá bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàdúrà lédè Lárúbáwá, èyí tí àwọn méjèèjì kọ́ ní kékeré ní ilé kéú. Níbi tó bá ti sinmi, à ń gbọ́ Àmín láti Dákà. Nígbà tó parí, Tàtá Kádì bẹ̀rẹ̀ tirẹ̀, Bàbá sì ń ṣe Àmín, ó ṣíjú sókè, ó ń fetí sílẹ̀ dáadáa kó má bàa pàdánù ọ̀kan.

Mo rò pé ó ti tán. Mo nawọ́ gba fóònù. Bàbá kò fi sílẹ̀.

"Bàsírátù ńkọ́?" ló wí.

A gbọ́ bó ṣe ń gba fóònù lọ́wọ́ Tàtá Kádì.

"Mo wà níbí, Bàbá."

"Ṣé ò ń gbọ́ mi dáadáa?"

"Mò ń gbọ́ yín, sà."

"Sọ fún ọkọ rẹ pé bí Iléyá tó ń bọ̀ bá dé, kó gbé ọ wá. Kó má sì wá lọ́wọ́ òfo. Itan ẹran ni wọ́n ń gbé fún àwa àna níbí."